Ọmọdé inú fọ́nrán àwàdà: ta ló ń bá a tọ́jú owó?

Ní ìsinmi tó kọjá, ọkùnrin kan dá èmi àti àbúrò mi dúró ní Ṣàngótẹ̀dó, níwájú ilé ìtajà Novare. Ọmọ ọdún méje ni àbúrò mi, ẹnu rẹ̀ kì í sì í dákẹ́. Lásìkò yẹn, ó ń bá ìyá oníbọ̀ọ̀lì ṣe àríyànjiyàn. Ó ní bọ̀ọ̀lì tí wọ́n fún òun kéré sí ti ẹni tó rà ṣáájú òun, pé ṣé nítorí pé òun kò ga ni. Àwọn tó dúró nídìí ààrò ń rẹ́rìn-ín. Ọkùnrin náà ti gbé fóònù sókè, ó ti ń ká a sílẹ̀. Nígbà tó ṣe tán, ó sọ fún mi pé skit lòun ń ṣe, pé ó ti pẹ́ tí òun ti ń wá ọmọdé tí kì í tijú, ó sì gba nọ́ńbà màmá mi.

Màmá mi fi sùúrù gbọ́ ọ. Lẹ́yìn tó ti ṣàlàyé tán bí ọmọ náà ṣe máa di ìlú-mọ̀-ọ́n-ká, ìbéèrè kan ṣoṣo ni wọ́n bi í: "Ẹ ṣé o, bọ̀dá. Owó tó bá wọlé lórí ọmọ yìí, ta ni yóò máa bá a tọ́jú ẹ̀?" Ó ní òun á pe wọ́n padà.

Ìbéèrè yẹn ni mo gbé wá síbí. Nígbà tí mo wá a lọ sínú ìtàn, mo rí i pé àwọn kan ti béèrè rẹ̀ ṣáájú màmá mi, wọ́n sì béèrè rẹ̀ nílé ẹjọ́, lẹ́yìn tí owó ti lọ.

Ẹni tí gbogbo wa mọ̀ ni kí n kọ́kọ́ mú. Wọ́n bí Emanuella Samuel ní Port Harcourt ní ọjọ́ 22 oṣù Keje ọdún 2010. Ọmọ bí ọdún márùn-ún ni nígbà tí a bẹ̀rẹ̀ sí í rí i nínú eré Mark Angel Comedy. Ẹ rántí bí nǹkan ṣe rí nígbà yẹn. Ọ̀pọ̀ nínú wa ṣì jẹ́ ọmọ iléèwé kékeré. Dátà wọ́n. Ẹnì kan ṣoṣo nínú kíláàsì ló máa ń gba fọ́nrán náà sílẹ̀ láti orí YouTube, Xender la sì fi ń pín in kiri títí yóò fi dé fóònù àwọn òbí wa. Bí ẹ bá ní bàbá àgbà tó ń lo WhatsApp, ó ṣeé ṣe kó jẹ́ pé Emanuella wà nínú fọ́nrán àkọ́kọ́ tí wọ́n fi ránṣẹ́ sí yín.

Eré náà kì í ju ìṣẹ́jú díẹ̀ lọ, Píjìn ni wọ́n sì ń sọ nínú rẹ̀, nítorí náà kò sí ẹ̀yà tí kò gbọ́ ọ. Àgbàlagbà kan á béèrè ọ̀rọ̀ tàbí kó bá a wí. Ọmọ náà á fèsì pẹ̀lú ojú tí kò rẹ́rìn-ín rárá, èsì náà á sì wúwo ju ọjọ́ orí rẹ̀ lọ. Ibẹ̀ ni ẹ̀rín wà. Bí ọmọ ọdún márùndínlógún bá sọ ọ̀rọ̀ kan náà, àfojúdi ni. Bí àgbàlagbà bá sọ ọ́, ìjà dé nìyẹn. Àwọn àgbà ní ọwọ́ ọmọdé kò tó pẹpẹ, tàgbàlagbà kò wọ kèrègbè. Inú kèrègbè ni irú ẹ̀rín yìí wà. Bó ti wù kí Mark Angel mọ eré ṣe tó, ọwọ́ tirẹ̀ kò lè wọ ibẹ̀. Àfi kó wá ẹni tí ọwọ́ rẹ̀ kéré.

Kò pẹ́ tí èso fi hàn. Ní 2016, nígbà tí YouTube kọ́kọ́ pín àmì ẹ̀yẹ fún àwọn tó ń lò ó ní ilẹ̀ Áfíríkà níhà gúúsù Sàhárà, Emanuella wà lára àwọn tó gbà á. Nínú gbogbo ìkànnì àwàdà ilẹ̀ Áfíríkà, Mark Angel Comedy ló kọ́kọ́ kó alábàápín mílíọ̀nù kan jọ. Ní oṣù Kọkànlá ọdún 2020, ìròyìn gba ìlú kan pé Emanuella ti kọ́lé fún ìyá rẹ̀. Ọmọ ọdún mẹ́wàá ni. Màmá mi gbé àwòrán ilé náà wá sí iwájú mi lọ́jọ́ náà, wọ́n ní, "Ṣé o rí ọmọ ẹlòmíì?" N kò tíì gbàgbé.

Ṣùgbọ́n ẹ tún ọdún mẹ́wàá yẹn wò. Ọmọ tí ẹ̀rín rẹ̀ wà nínú pé ó ń fèsì bí àgbà ti ń sún mọ́ àgbà ní tòótọ́. Ara ń ga, ohùn ń yí. Láàárín àsìkò náà, ọmọ mìíràn tó kéré sí i, tí wọ́n ń pè ní Aunty Success, ti wọ inú eré Mark Angel. Irú ọ̀rọ̀ tí Emanuella máa ń sọ tẹ́lẹ̀ ló wá ń ti ẹnu òun jáde. N kò sọ pé ẹnikẹ́ni lé Emanuella, ó ṣì ń ṣeré lẹ́yìn náà. Ohun tí mò ń sọ ni pé àyè tó wà nínú àwàdà yẹn, àyè ọmọ ọdún márùn-ún sí mẹ́wàá ni. Ẹni tó ń kọ́ iṣẹ́ télọ̀ yóò gbọ́n sí i bó ṣe ń dàgbà, iye rẹ̀ yóò sì lọ sókè. Ti ọmọdé aláwàdà yàtọ̀. Bó ṣe ń mọ iṣẹ́ náà sí i ni ó ń dàgbà kúrò nínú rẹ̀.

Ohun tí mo fẹ́ kí ẹ mọ̀ ni pé èyí kì í ṣe ọ̀rọ̀ YouTube. Ó ti ṣẹlẹ̀ rí ní Los Angeles, nígbà tí sinimá ṣì wà ní kékeré, ó sì ṣẹlẹ̀ sí ọmọ dúdú kan.

Wọ́n bí Ernie Morrison ní New Orleans ní ọjọ́ 20 oṣù Kejìlá ọdún 1912. Iṣẹ́ alásè ni bàbá rẹ̀ ń ṣe fún ìdílé olówó kan ní Los Angeles. Bí wọ́n ṣe ń sọ ìtàn náà, ọmọ tí wọ́n fẹ́ lò nínú sinimá kan ń ké, kò gbà kí wọ́n rẹ òun lẹ́kún, ni wọ́n bá ní kí alásè mú ọmọ tirẹ̀ wá. Ernie kò ké. Ẹ̀rín ló ń rín. Wọ́n sọ ọ́ ní Sunshine, bàbá rẹ̀ fi Sammy kún un, Sunshine Sammy sì ni ayé fi mọ̀ ọ́n.

Sinimá ìgbà náà kò ní ohùn. Kí sinimá ńlá tó bẹ̀rẹ̀, eré kéékèèké ni wọ́n fi máa ń ṣí ojú agbo, róòlù kan tàbí méjì, ìṣẹ́jú mẹ́wàá sí ogún. Ẹ jẹ́ ká pè é ní skit ayé àtijọ́, nítorí iṣẹ́ kan náà ló ń ṣe: kí wọ́n yára yà á, kí wọ́n yára tà á, kí òmíràn tún tẹ̀ lé e. Hal Roach, tó ní ilé iṣẹ́ irú eré bẹ́ẹ̀, bá Sammy tọwọ́ bọ ìwé àdéhùn ọlọ́dún méjì ní 1919. Àwọn onítàn sinimá kà á sí òṣèré dúdú àkọ́kọ́ tó rí irú àdéhùn gbọọrọ bẹ́ẹ̀ gbà ní Hollywood. Ọmọ ọdún mẹ́fà! Ó bá Harold Lloyd àti Snub Pollard ṣeré, àwọn méjèèjì jẹ́ aláwàdà tí gbogbo Amẹ́ríkà mọ̀ nígbà náà.

Ní 1922, Roach kó àwọn ọmọdé jọ fún eré tó pè ní Our Gang, dúdú àti funfun, ọkùnrin àti obìnrin, wọ́n jọ ń ṣe ìpátá kiri àdúgbò. Nínú gbogbo wọn, Sammy ló mọ iṣẹ́ jù, nítorí ó ti ń ṣe é kí àwọn yòókù tó mọ ohun tí kámẹ́rà jẹ́. Kí a má ṣe tan ara wa jẹ o: ní Amẹ́ríkà ìgbà yẹn, ibi tí òfin kò ti jẹ́ kí dúdú àti funfun jókòó pọ̀ ní ọ̀pọ̀ ìpínlẹ̀, ohun ńlá ni kí àwọn ọmọ wọ̀nyí jọ máa ṣeré. Síbẹ̀, ìgbà gbogbo kọ́ ni àwàdà náà ṣeé wò. Ọ̀pọ̀ ìgbà ni àwọ̀ ọmọ náà gan-an jẹ́ ohun tí wọ́n fi ń pa àwọn òǹwòran lẹ́rìn-ín. Mo wo díẹ̀ nínú wọn lórí íntánẹ́ẹ̀tì, mo rẹ́rìn-ín níbì kan, mo pa fóònù dé níbì kan.

Sammy ṣe eré 28 nínú Our Gang. Ní 1924 ó kúrò níbẹ̀, ó bọ́ sí orí ìtàgé, ó ń jó, ó ń ṣe àwàdà láti ìlú kan sí òmíràn. Kò tíì pé ọmọ ọdún méjìlá nígbà tí apá tó lókìkí jù nínú iṣẹ́ rẹ̀ ti parí. Ó tún padà sí sinimá láàárín 1940 sí 1943 nínú àwọn eré East Side Kids, lẹ́yìn náà ó wọ iṣẹ́ ológun. Nígbà tó jáde, ilé iṣẹ́ tó ń ṣe ẹ̀yà ọkọ̀ òfúrufú ló gbà á, iṣẹ́ yẹn ló sì fi jẹun fún ọ̀pọ̀ ọdún. Ní 1987 wọ́n kọ orúkọ rẹ̀ sí ilé ọlá àwọn òṣèré dúdú Amẹ́ríkà. Ó kú ní oṣù Keje ọdún 1989, ẹni ọdún 76.

Ẹni tó rọ́pò rẹ̀ ni Allen Hoskins, tí wọ́n ń pè ní Farina. Ọmọ bí ọdún méjì ló ń lọ nígbà tó bẹ̀rẹ̀. Wọ́n di irun rẹ̀ ní òwú, wọ́n ń wọ̀ ọ́ ní aṣọ tí òǹwòran kò fi ní mọ̀ bóyá ọkùnrin ni tàbí obìnrin. Eré 105 ló ṣe láti 1922 sí 1931, ó sì wà lára àwọn ọmọdé tí owó wọn pọ̀ jù nínú ẹgbẹ́ náà. Nígbà tó dàgbà, ó ṣe ológun bí ti Sammy, lẹ́yìn náà ó ń bá àwọn aláàbọ̀ ara ṣiṣẹ́ ní California. Èyí ni mo fẹ́ kí ẹ gbọ́ dáadáa: ní 1955, wọ́n kó àwọn eré Our Gang tó ní ohùn lọ sórí tẹlifíṣàn, wọ́n sọ wọ́n ní The Little Rascals. Ojú Farina padà wọ pálọ̀ àwọn ará Amẹ́ríkà lójoojúmọ́. Àwọn tó ni eré náà ń pa owó. Àwọn ọmọ tó wà nínú rẹ̀ ti di àgbàlagbà tó ń ṣe iṣẹ́ oṣù, kọ́bọ̀ kò kàn wọ́n, nítorí àdéhùn wọn kò sọ ọ́.

Jackie Coogan ló gbé ọ̀rọ̀ náà dé kóòtù. Òun ni ọmọ kékeré tó bá Charlie Chaplin ṣeré nínú The Kid ní 1921. Owó tó wọlé lórí rẹ̀ nígbà èwe rẹ̀, wọ́n dá a lé mílíọ̀nù mẹ́ta sí mẹ́rin dọ́là. Nígbà tó di ẹni ọdún mọ́kànlélógún tó ní kí wọ́n kó owó òun fún òun, ìyá rẹ̀ àti ọkọ tí ìyá rẹ̀ fẹ́ lẹ́yìn ikú bàbá rẹ̀ ti ná èyí tó pọ̀ jù nínú rẹ̀. Ó pè wọ́n lẹ́jọ́ ní 1938. Nǹkan bí 126,000 dọ́là ló rí gbà. Nítorí ẹjọ́ yẹn, California ṣe òfin ní 1939 láti dáàbò bo owó àwọn ọmọdé òṣèré. Lónìí, òfin náà ní kí ẹni tó gba ọmọdé sí iṣẹ́ yọ ìdá 15 nínú 100 owó rẹ̀ sínú àkáǹtì tí òbí kò lè fọwọ́ kàn títí ọmọ náà yóò fi pé ọdún 18. Orúkọ Coogan ni wọ́n fi ń pe àkáǹtì náà.

Ẹnì kan lè sọ pé ti òyìnbó nìyẹn, pé ilé wa kò rí bẹ́ẹ̀. Ó tọ̀nà dé ìwọ̀n kan. Nílẹ̀ Yorùbá, ọmọdé ti wà nínú eré kí kámẹ́rà tó dé. Àwọn alárìnjó, ìdílé eégún aláré ni wọ́n. Ọmọ tí wọ́n bí sínú ìdílé bẹ́ẹ̀ yóò máa tẹ̀ lé wọn láti ìlú dé ìlú, yóò kọ́ ijó, yóò kọ́ ìtàkìtì, yóò kọ́ ìwì. Ẹnikẹ́ni kì í sanwó fún un, ṣùgbọ́n iṣẹ́ náà gan-an ni owó rẹ̀. Bó bá dàgbà, òun náà yóò wọ ẹ̀kú, ẹgbẹ́ yóò sì di tirẹ̀. Nígbà tí eré orí ìtàgé wá dé láyé òde òní, ìlànà ìdílé yìí kò parun. Ẹgbẹ́ Hubert Ogunde, tó bẹ̀rẹ̀ ní àárín ọdún 1940 sí 1949, àwọn ìyàwó àti ọmọ rẹ̀ ni òpó tó gbé e ró. Adé Afọláyan tí gbogbo ayé mọ̀ sí Adé Love fi iṣẹ́ náà sílẹ̀ fún àwọn ọmọ rẹ̀, Kúnlé àti Gabriel wà lára wọn, ẹ sì mọ ibi tí wọ́n gbé e dé.

Ìyàtọ̀ tó wà níbẹ̀ ni èyí. Nínú ẹgbẹ́ alárìnjó, bí ọwọ́ ọmọ kò bá lè wọ kèrègbè mọ́, pẹpẹ ti wà nílẹ̀ tí yóò na ọwọ́ sí. Àyè àgbà ń dúró dè é nínú iṣẹ́ kan náà. Ọmọdé inú skit kò ní ìdánilójú bẹ́ẹ̀. Ọmọ oníṣẹ́ kọ́ ni, wọ́n kàn yá ojú rẹ̀ lò ni.

Ojú náà kì í sì í kúrò níbi tí wọ́n gbé e sí. Nígbà tí ẹgbẹ́ Ogunde bá palẹ̀ ẹrù mọ́ ní Òṣogbo, eré alẹ́ ọjọ́ náà ti parí nìyẹn. Fọ́nrán orí YouTube kò parí. Ìpolówó tó ń wọlé lórí eré ọdún 2016 ṣì lè máa wọlé lónìí, ọ̀dọ̀ ẹni tó ni ìkànnì ló sì ń lọ, àfi bí àdéhùn bá sọ ohun mìíràn. Ohun tó ṣẹlẹ̀ sí Farina ní 1955 kò ní láti dúró di ogún ọdún mọ́. Ó lè bẹ̀rẹ̀ ní ọ̀sẹ̀ tó tẹ̀ lé e.

Ẹ tún jẹ́ kí n rántí Baba Sàlá. Moses Ọláìyá kì í ṣe ọmọdé, àgbà òṣèré ni, ó ní ẹgbẹ́ tirẹ̀. Nígbà tó ṣe Ọ̀run Móoru ní 1982, àwọn olè kó iṣẹ́ náà sórí kásẹ́ẹ̀tì fídíò, wọ́n ń tà á kiri, gbèsè sì fẹ́rẹ̀ẹ́ bo ọkùnrin náà mọ́lẹ̀. Bí wọ́n bá lè ṣe bẹ́ẹ̀ sí àgbàlagbà tó mọ ohun tó ń ṣe, kí ni ọmọ ọdún méje yóò fi gba ara rẹ̀ sílẹ̀?

Òfin ńkọ́? Mo lọ ka òfin ẹ̀tọ́ ọmọdé tí ìjọba àpapọ̀ ṣe ní 2003, èyí tí ìpínlẹ̀ Èkó sọ di tirẹ̀ ní 2007. Abala 28 òfin àpapọ̀ náà ní ẹnikẹ́ni kò gbọdọ̀ gba ọmọdé sí iṣẹ́ kankan, àfi bó bá jẹ́ ẹbí rẹ̀ ló gbà á sí iṣẹ́ fẹ́ẹ́rẹ́fẹ́ ti oko, ti ọgbà tàbí ti inú ilé. Ẹ kà á lẹ́ẹ̀kan sí i. Kò dárúkọ eré ṣíṣe. Bí a bá fi ojú tó le wò ó, ó dà bí ẹni pé gbogbo ọmọdé tó wà nínú skit rú òfin. Bí a bá sì fi ojú bí a ṣe ń gbé e wò ó, kò sẹ́ni tó bìkítà. Òfin tó ka nǹkan léèwọ̀ pátápátá, tí gbogbo ayé sì ń ṣe nǹkan náà, kò dáàbò bo ọmọ kankan. Èmi ì bá fẹ́ràn òfin tó gbà pé ọmọdé yóò ṣeré, nítorí wọ́n ti ń ṣe é, kó wá sọ iye wákàtí, kó sọ ọ̀rọ̀ iléèwé, kó sì sọ ibi tí owó yóò wà. Àwọn ọmọ òfin inú wa lè bá mi jiyàn lórí èyí, mo ń retí yín.

Kí ẹ má baà rò pé ọ̀fọ̀ nìkan ni mo wá ṣe, ẹ wo Ikorodu Bois. Àwọn ọmọ kan láti ìdílé kan náà ní Ìkòròdú, tí wọ́n ń fi korobá, kẹ̀kẹ́ ẹrù àti ohun tó bá wà nílé tún àwọn fọ́nrán ìpolówó sinimá ńlá ṣe. Ní 2020 wọ́n ṣe ti Extraction, àwọn Russo tó gbé sinimá náà jáde rí i, wọ́n yìn wọ́n, Netflix sì kó irinṣẹ́ ìyàwòrán ránṣẹ́ sí wọn. Ohun tó wù mí jù níbẹ̀ ni pé àwọn fúnra wọn ló ni ìkànnì, ẹ̀gbọ́n wọn ló ń ya wọ́n. Wọ́n ń kọ́ kámẹ́rà, wọ́n ń kọ́ bí a ṣe ń gé fọ́nrán pọ̀. Ó jọ ẹgbẹ́ alárìnjó lójú mi ju ilé iṣẹ́ Hal Roach lọ. Bí ojú wọn bá dàgbà, iṣẹ́ ṣì wà lọ́wọ́ wọn.

Ọkùnrin Ṣàngótẹ̀dó yẹn padà pe màmá mi, ó gbà á ní nǹkan bí ọ̀sẹ̀ mẹ́ta. Àwọn ohun tí màmá mi béèrè kò pọ̀: ọjọ́ Sátidé nìkan, èmi tàbí wọn gbọ́dọ̀ wà níbẹ̀, kò gbọdọ̀ sí èébú lẹ́nu ọmọ, kí owó máa lọ tààrà sí àkáǹtì tí wọ́n ṣí ní orúkọ ọmọ náà, kí wọ́n sì kọ gbogbo rẹ̀ sílẹ̀. Ọkùnrin náà gbà pẹ̀lú mẹ́rin àkọ́kọ́. Lórí kíkọ sílẹ̀, ó ní, "Màmá, ṣé ẹ ò fọkàn tán mi ni?" Màmá mi ní wọ́n fọkàn tán an, pé ìdí nìyẹn tí àwọn fi fẹ́ kó kọ ọ́. Ibẹ̀ ni ọ̀rọ̀ wà títí di ìsinsìnyí. Àbúrò mi kò mọ nǹkan kan nípa rẹ̀, ó ṣì ń bá ìyá oníbọ̀ọ̀lì jà.